Ìdí Tí Irinṣẹ́ Tó Ń Tú Registry àti RAM Fi Ń Kùnà Lẹ́yìn Ọpudéètì Windows

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́, ọ̀gá mi. Èmi ni mò ń bójú tó kọ̀ǹpútà bí 40 fún ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù kan ní Òṣogbo. Tí òṣìṣẹ́ bá gbàgbé ọ̀rọ̀ aṣínà rẹ̀, àwọn irinṣẹ́ kéékèèké kan wà lórí filáàṣì mi tí mo fi ń wá a jáde láti inú Registry (ibi tí Windows ń kọ àwọn ètò rẹ̀ sí), tàbí kí n fi wọ́n da ohun tó wà nínú RAM, ìyẹn ìrántí ẹ̀rọ, sínú fáìlì, kí n wá a níbẹ̀. Láti ìgbà tí a ti gba ọpudéètì, tí a sì ti gbé ẹ̀rọ mélòó kan lọ sórí Windows 11, ọ̀kan kì í ṣí mọ́, èkejì ń gbé àṣìṣe jáde pé wọn kò fún òun láyè, ẹ̀kẹta ń ṣiṣẹ́, ṣùgbọ́n irọ́ ló ń pa fún mi. Kí ni Microsoft ṣe gan-an? Ṣé kí n kúkú pa ọpudéètì náà ni?

Ìdáhùn: Ẹ má ṣe pa ọpudéètì náà. Mo fẹ́ kí ọ̀rọ̀ yẹn ṣáájú, nítorí mo mọ̀ pé òun ni ọwọ́ máa ń sáré lọ bá. Lẹ́yìn ìyẹn, mo dúpẹ́ pé ẹ kò kàn kọ̀wé pé "kò ṣiṣẹ́ mọ́" bí ọ̀pọ̀ ènìyàn ṣe ń ṣe. Ẹ sọ pé ọ̀kan kì í ṣí, pé wọ́n ń dá èkejì padà, pé ẹ̀kẹta ń purọ́, àìsàn mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ sì ni wọ́n. Èyí tí kì í ṣí, wọ́n ti dá a mọ̀ ní ẹnubodè, wọ́n sì ti mú un. Èyí tí wọ́n ń dá padà dé ẹnu ilẹ̀kùn, ó bá ẹ̀ṣọ́ níbẹ̀. Èyí tó ń purọ́ wọ inú yàrá lọ láìsí ẹni tó dí i lọ́wọ́, ṣùgbọ́n ẹrù tó ń wá kò sí níbẹ̀ mọ́, tàbí kí wọ́n ti dì í lọ́nà tí kò mọ bí a ṣe ń tú u. Lójú tèmi, ẹ̀kẹta yìí ló ṣàlàyé gbogbo ọ̀rọ̀ náà jù lọ: irinṣẹ́ yín kò bàjẹ́, ohun tó ń wá ni wọ́n ti ń kó kúrò níbi tó mọ̀, díẹ̀díẹ̀, fún nǹkan bí 20 ọdún.

Ibi méjì ni Windows ń tọ́jú àṣírí àwọn tó ń wọlé sórí ẹ̀rọ sí. Àkọ́kọ́ wà lórí díìsìkì, ìyẹn fáìlì tó ń jẹ́ SAM nínú fódà C:\Windows\System32\config, tó sì ń fara hàn nínú Registry gẹ́gẹ́ bí HKEY_LOCAL_MACHINE\SAM. Bí ẹ bá ṣí regedit pẹ̀lú àṣẹ alábòójútó, tí ẹ sì tẹ SAM yẹn, òfìfo ni ẹ ó bá, nítorí pé ètò fúnra rẹ̀, tó ń jẹ́ SYSTEM, nìkan ni wọ́n fún láṣẹ láti wo ibẹ̀. Fáìlì náà pàápàá kò ṣeé dà kọ bí fáìlì mìíràn nígbà tí ẹ̀rọ bá wà ní títàn, torí Windows ti dì í mú. Ibi kejì wà nínú RAM, lọ́dọ̀ iṣẹ́ abẹ́lẹ̀ kan tó ń jẹ́ lsass.exe. Òun ló ń yẹ ọ̀rọ̀ aṣínà wò nígbà tí ẹ bá ń wọlé, òun náà ló sì ń pa ẹ̀rí mọ́ pé ẹ ti wọlé, kí ẹ̀rọ má baà tún máa béèrè ọ̀rọ̀ aṣínà ní gbogbo ìgbà tí ẹ bá fẹ́ ṣí fódà tó wà lórí sáfà tàbí tí ẹ bá fẹ́ tẹ ìwé jáde. Kò sí irinṣẹ́ kan lórí filáàṣì yín tí kì í ṣe ọ̀kan nínú ibi méjèèjì yìí ló ń lọ.

Ẹ jẹ́ kí a mú òpùrọ́ yẹn lákọ̀ọ́kọ́. Windows kì í tọ́jú ọ̀rọ̀ aṣínà bí ẹ ṣe tẹ̀ ẹ́. Ó máa ń lọ̀ ọ́ ni, bí ẹni lọ iṣu gbígbẹ di èlùbọ́, ohun tó bá sì jáde lẹ́nu ọlọ la ń pè ní hash. Kò sí ẹni tó lè dá èlùbọ́ padà sí iṣu, ṣùgbọ́n bí ẹ bá lọ iṣu kan náà lẹ́ẹ̀mejì, èlùbọ́ kan náà ni yóò jáde. Ohun tí irinṣẹ́ yín ń ṣe tẹ́lẹ̀ ni pé ó ń kó hash jáde, ó sì ń lọ oríṣiríṣi ọ̀rọ̀ títí yóò fi kan èyí tí èlùbọ́ rẹ̀ bá ti inú àpò mu. Bí ẹnì kan bá fi orúkọ ìlú àti 123 ṣe ọ̀rọ̀ aṣínà, irinṣẹ́ náà kì í lò tó ìṣẹ́jú kan kó tó rí i. Àmọ́, Windows kì í fi hash náà sílẹ̀ ní ìhòòhò. Ó tún ń fi kọ́kọ́rọ́ kan tì í, kọ́kọ́rọ́ tí wọ́n pín sí ọ̀nà mélòó kan tí wọ́n sì fi pa mọ́ sínú fáìlì SYSTEM tó wà nínú fódà kan náà. Fún ọdún pípẹ́, RC4 ni irú àgádágodo tí wọ́n ń lò. Nínú oṣù kẹjọ ọdún 2016, nígbà tí Windows 10 ẹ̀dà 1607 jáde, wọ́n pààrọ̀ rẹ̀ sí AES, wọ́n sì yí bí wọ́n ṣe to nǹkan síbẹ̀ padà. Irinṣẹ́ àtijọ́ dé ibẹ̀, ó wo ojú ibi tó mọ̀, kò rí nǹkan kan, ó sì gbà pé àkáǹtì náà kò ní ọ̀rọ̀ aṣínà rárá.

Èyí ṣojú mi ní ọ́fíìsì kan tí n kò ní dárúkọ. Mo so filáàṣì mọ́ ẹ̀rọ, mo fi irinṣẹ́ náà wo àkáǹtì mẹ́rin, ìlà mẹ́rin sì jáde, àwọn mẹ́rẹ̀ẹ̀rin jọra láti òkè dé ìsàlẹ̀: 31d6cfe0d16ae931b73c59d7e0c089c0. Ọ̀gá ọ́fíìsì náà tó dúró lẹ́yìn mi ti ń pariwo pé àwọn òṣìṣẹ́ òun kò fi ọ̀rọ̀ aṣínà sí ẹ̀rọ ẹgbẹ̀rún lọ́nà àìmọye náírà. Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ gbà pẹ̀lú rẹ̀, títí mo fi rántí pé ọ̀kan nínú àkáǹtì mẹ́rin yẹn, tèmi ni, mo sì mọ̀ dájú pé mo ti tẹ ọ̀rọ̀ aṣínà kí n tó wọlé láàárọ̀ ọjọ́ náà. Hash òfìfo ni nọ́mbà gígùn yẹn, èlùbọ́ tó jáde nígbà tí ẹnikẹ́ni kò da iṣu sẹ́nu ọlọ. Tí ẹ bá rí i lórí gbogbo àkáǹtì ẹ̀rọ kan, tí ẹ sì mọ̀ pé àwọn ènìyàn ń tẹ ọ̀rọ̀ aṣínà kí wọ́n tó wọlé, irinṣẹ́ yín ló dàgbà ju Windows lọ.

N kò fẹ́ kí ẹ rò pé mò ń fi yín ṣe olè nítorí pé ẹ ní irú irinṣẹ́ bẹ́ẹ̀. Ọ̀kan nínú àwọn àgbà wọn, pwdump, Jeremy Allison tó wà lára àwọn tó ń ṣe Samba (ètò tó ń jẹ́ kí sáfà tí kì í ṣe Windows bá Windows ṣiṣẹ́) ló kọ ọ́ ní ọdún 1997, kí àwọn tó bá fẹ́ kó àkáǹtì òṣìṣẹ́ kúrò lórí Windows NT lọ sórí sáfà Samba lè ṣe é láìjẹ́ pé gbogbo òṣìṣẹ́ tún ọ̀rọ̀ aṣínà ṣe. Iṣẹ́ òótọ́ ni. Ó kàn jẹ́ pé ọ̀bẹ tó ń gé ẹran nílé ìdáná náà ni ọ̀dàlúrú ń mú jáde lálẹ́, ẹni tó ń ṣe ẹ̀rọ kò sì lè fi ojú mọ ọwọ́ tó dì í mú.

Microsoft fúnra rẹ̀ ti ṣí ilẹ̀kùn SAM sílẹ̀ rí, láìmọ̀. Láti ẹ̀dà 1809 ti Windows 10, tó jáde lọ́dún 2018, àṣìṣe kan nínú ètò àṣẹ jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tó ní àkáǹtì lásán lórí ẹ̀rọ lè ka SAM, SYSTEM àti SECURITY. Oṣù keje ọdún 2021 ni Jonas Lykkegaard tó pariwo rẹ̀, àwọn ènìyàn sọ ọ́ ní HiveNightmare, nọ́mbà rẹ̀ sì ni CVE-2021-36934. Ẹ ó ní, ṣebí Windows ti di fáìlì náà mú nígbà tí ẹ̀rọ bá wà ní títàn? Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n Windows a máa ṣe ẹ̀dà òjìji díìsìkì fúnra rẹ̀, èyí tí a ń pè ní shadow copy, kí a lè dá ẹ̀rọ padà sí bó ṣe wà lánàá bí nǹkan bá bàjẹ́, kò sì sí ẹni tó di fáìlì mú nínú ẹ̀dà òjìji. Ọpudéètì ọjọ́ kẹwàá oṣù kẹjọ ọdún 2021 tún àṣẹ orí fáìlì ṣe, àmọ́ kò fọwọ́ kan àwọn ẹ̀dà òjìji tó ti wà nílẹ̀, tí àṣẹ àtijọ́ wà lórí wọn síbẹ̀. Alábòójútó ní láti pa àwọn yẹn rẹ́ fúnra rẹ̀. Bí ògiri kò bá lanu, aláǹgbá kò lè ráyè wọ ibẹ̀, ṣùgbọ́n ibi méjì ni ògiri yìí ti lanu, ọ̀kan ṣoṣo ni ọpudéètì sì dí. Bí ọ̀kan nínú irinṣẹ́ yín bá ń ṣiṣẹ́ dáadáa lórí àwọn ẹ̀rọ kan láàárín ọdún 2019 sí 2021, tó sì ṣàdédé kú, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ pé ihò yìí ló ń gbà kọjá.

Ẹ jẹ́ kí a kọjá sí RAM, níbi tí ìjà náà ti le jù. Títí di ìgbà Windows 8.1 lọ́dún 2013, lsass kì í rántí hash nìkan, ó ń rántí ọ̀rọ̀ aṣínà gan-an ní ọ̀nà tó ṣeé tú padà, nítorí ọ̀nà ìwọlé kan tó ń jẹ́ WDigest, tí ọ̀pọ̀ ọ́fíìsì kò lò lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Benjamin Delpy, ará Faransé, ló rí i. Ó sọ fún Microsoft, èsì tó gbà sì ni pé ẹni tó bá lè ka inú RAM ti di alábòójútó lórí ẹ̀rọ náà tẹ́lẹ̀, nítorí náà kì í ṣe àlébù. Lọ́dún 2011 ó gbé irinṣẹ́ mimikatz síta láti fi hàn wọ́n. Mo gbà pé Microsoft ní ìwọ̀nba àwíjàre nínú èsì yẹn, ṣùgbọ́n wọ́n gbàgbé ohun kan tí gbogbo ẹni tó bá ń tún ẹ̀rọ ọ́fíìsì ṣe mọ̀: alábòójútó ẹ̀rọ kan, tó bá ti wọlé sórí ẹ̀rọ akọ̀wé láti tún ẹ̀rọ ìtẹ̀wé ṣe, ó ti fi ọ̀rọ̀ aṣínà rẹ̀ sílẹ̀ nínú RAM ẹ̀rọ akọ̀wé náà. Ẹni tó bá jí ẹ̀rọ akọ̀wé kò jí ti akọ̀wé mọ́, ti gbogbo ilé iṣẹ́ ló jí.

Windows 8.1 pa WDigest láti ilẹ̀. Fún Windows 7 àti Server 2008 R2, ọpudéètì KB2871997 dé lóṣù karùn-ún ọdún 2014, àmọ́ ó gbé kọ́kọ́rọ́ lé orí tábìlì ni, kò ti ilẹ̀kùn: alábòójútó ní láti lọ sínú Registry fúnra rẹ̀, kí ó fi 0 sí UseLogonCredential. Ọ̀pọ̀ gba ọpudéètì náà, wọn kò sì ṣe ìyókù. Ní báyìí, ohun tó yẹ kí ẹ máa wò ni òdìkejì rẹ̀. Lórí Windows tuntun, bí ẹ bá rí UseLogonCredential tí ẹnì kan fi 1 sí, tí kì í sì í ṣe ẹ̀yin, ẹ gbà pé àlejò ti wọlé, tó ń dúró kí ẹnì kan wá tẹ ọ̀rọ̀ aṣínà.

Ohun tó fi ewu náà han gbogbo ayé ṣẹlẹ̀ ní ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n oṣù kẹfà ọdún 2017. Kòkòrò kọ̀ǹpútà kan tó ń jẹ́ NotPetya ti ara sọ́fítíwíà ìṣirò owó orí kan ní Ukraine wọlé, ó sì tàn kálẹ̀ lọ sí ilé iṣẹ́ tó ní ẹ̀ka níbẹ̀. Ihò tí Microsoft ti fi ọpudéètì dí láti oṣù kẹta ọdún náà wà lára ohun tó lò, ṣùgbọ́n èyí tó ṣe ọṣẹ́ jù ni pé ó gbé ẹ̀yà kan tó jọ mimikatz dání. Ẹ̀rọ kan ṣoṣo tí kò gba ọpudéètì ló nílò. Tó bá ti dé ibẹ̀, yóò kó ọ̀rọ̀ aṣínà alábòójútó jáde nínú lsass, yóò sì fi wọ àwọn ẹ̀rọ tó gba ọpudéètì ní pípé. Maersk, tí APM Terminals tó ń bójú tó ibùdó àpótí ẹrù ní èbúté Apapa jẹ́ ẹ̀ka rẹ̀, sọ pé àdánù òun wà láàárín 200 sí 300 mílíọ̀nù dọ́là, alága rẹ̀ sì sọ ní Davos lọ́dún tó tẹ̀ lé e pé kọ̀ǹpútà 45,000 àti sáfà 4,000 ni wọ́n tún ṣe láti ìbẹ̀rẹ̀. Ọ̀nà tí irinṣẹ́ yín ń tọ̀ yẹn náà ni NotPetya tọ̀.

Àṣìṣe tí irinṣẹ́ kejì ń gbé jáde fún yín, bí ẹ bá wò ó dáadáa, yóò ní 0x00000005 nínú, nọ́mbà tí Windows fi ń sọ pé "a kò fún ọ láyè". Ohun tó ń ya àwọn ènìyàn lẹ́nu ni pé àṣẹ alábòójútó ni wọ́n fi ṣí irinṣẹ́ náà, wọ́n tún ní ẹ̀tọ́ tí Windows ń pè ní SeDebugPrivilege, èyí tó yẹ kó jẹ́ kí wọ́n wo inú iṣẹ́ abẹ́lẹ̀ yòówù. Ìdáhùn wà nínú nǹkan tó ń jẹ́ PPL. Láti Windows Vista ni Microsoft ti ṣe irú iṣẹ́ abẹ́lẹ̀ tí alábòójútó gan-an kò lè yọjú sí, kì í ṣe nítorí ọ̀rọ̀ aṣínà o, nítorí àwọn oníléeṣẹ́ fíìmù tí kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni da fíìmù wọn kọ ni. Windows 8.1 mú èrò yẹn, ó sọ ọ́ di odi fún lsass: kernel, ìyẹn ọkàn Windows, kì í wo ipò ẹni tó kan ilẹ̀kùn mọ́, ẹni tó fọwọ́ sí ètò rẹ̀ ni ó ń wò. Bí kò bá sí òǹtẹ̀ Microsoft tó yẹ lára ètò náà, kò ní ka RAM lsass, ìbáà jẹ́ ọba ló ṣí i. Ohun tó kàn jẹ́ pé ẹni tó bá fẹ́ ló ń tàn án tẹ́lẹ̀, nípa fífi iye kan sí RunAsPPL nínú Registry. Láti Windows 11 ẹ̀dà 22H2, ó ń tàn fúnra rẹ̀ lórí ẹ̀rọ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fi Windows sí, tó jẹ́ ti ilé iṣẹ́ tó ń darí ẹ̀rọ rẹ̀ láti ojú kan, tí ẹ̀rọ náà sì kájú ìwọ̀n. Ìdí nìyẹn tí ẹ fi rí ìyàtọ̀ láàárín ẹ̀rọ méjì tó jókòó ti ara wọn. Ẹ ṣí Event Viewer, ẹ wo System, kí ẹ wá Wininit nọ́mbà 12. Tó bá sọ pé LSASS.exe bẹ̀rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí protected process, òun lẹ bá pàdé.

Odi yìí ti ya lójú àwọn olùwádìí rí. Ní ọdún 2021 irinṣẹ́ kan tó ń jẹ́ PPLdump jáde, ó sì ń kọjá láìlo driver (ètò tó ń wọ inú kernel ṣiṣẹ́) kankan. Lóṣù keje ọdún 2022, láìsí ìkéde ńlá, ọpudéètì Windows kan yí bí àwọn iṣẹ́ abẹ́lẹ̀ tí wọ́n dáàbò bò ṣe ń gba àwọn DLL (fáìlì ìrànlọ́wọ́) wọn padà, PPLdump sì kú lọ́jọ́ kan náà. Mo mú èyí wá nítorí ìbéèrè yín gan-an: ẹni tó lo PPLdump lọ́jọ́ Ajé, tó sì gba ọpudéètì lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun, kò rí ìwé kankan tó ṣàlàyé fún un. Ọjọ́ Ìṣẹ́gun kejì nínú oṣù ni Microsoft ń fi ọpudéètì ààbò síta láti ọdún 2003, bí irinṣẹ́ bá sì ṣàdédé dákẹ́, ọjọ́ yẹn ni kí ẹ kọ́kọ́ wò lórí kàlẹ́ńdà.

Bí PPL bá jẹ́ odi, Credential Guard jẹ́ ilé mìíràn pátápátá. Ó dé pẹ̀lú Windows 10 lọ́dún 2015. Wọ́n fi ohun tí wọ́n ń fi ṣe kọ̀ǹpútà inú kọ̀ǹpútà, Hyper-V, pín RAM sí méjì, wọ́n sì kó àṣírí inú lsass lọ sọ́dọ̀ iṣẹ́ abẹ́lẹ̀ tó ń jẹ́ LsaIso.exe ní apá kejì. Kernel Windows gan-an kò lè rí apá náà. Ẹ lè da RAM lsass sínú fáìlì títí ilẹ̀ yóò fi ṣú, àpò òfìfo lẹ ó gbé délé. Windows 11 ẹ̀dà 22H2 ń tàn án fúnra rẹ̀ lórí ẹ̀dà Enterprise àti Education tó bá kájú ìwọ̀n. Bí ẹ bá ní Pro, ó ṣeé ṣe kó má kàn yín. Ẹ tẹ msinfo32, ẹ wo ìsàlẹ̀ ojú ewé àkọ́kọ́, níbi tí wọ́n ti ń ka àwọn iṣẹ́ Virtualization-based security tó ń ṣiṣẹ́. Ẹ má sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tà á fún yín bí òògùn gbogboògbò: kì í dáàbò bo àkáǹtì tó wà nínú SAM, kì í sì í dá ẹni tó ń ṣọ́ ohun tí ẹ ń tẹ̀ lórí bọ́tìnnì dúró.

Irinṣẹ́ tó ń da gbogbo RAM, tí kì í ṣe ti lsass nìkan, ní ìtàn tirẹ̀. Nígbà kan, ètò lásán lè ṣí ohun tí Windows ń pè ní \Device\PhysicalMemory, kí ó kà á bí ìwé. Windows Server 2003 Service Pack 1 ti ilẹ̀kùn yẹn lọ́dún 2005. Láti ìgbà náà, ẹni tó bá fẹ́ da RAM ní láti mú driver dání, driver sì ní láti ní òǹtẹ̀. Windows oní-64-bit ti ń béèrè òǹtẹ̀ yẹn láti ìgbà Vista, láti ẹ̀dà 1607 sì ni driver tuntun ti gbọ́dọ̀ gba òǹtẹ̀ lọ́dọ̀ Microsoft fúnra rẹ̀. Àwọn olè wá dọ́gbọ́n: wọ́n ń gbé driver àtijọ́ tó ní òǹtẹ̀ òótọ́ ṣùgbọ́n tó ní àlébù wọlé, wọ́n sì ń gba àlébù náà kọjá. Microsoft ṣe àkójọ àwọn driver bẹ́ẹ̀, láti ọdún 2022 sì ni Windows 11 ti ń lò ó láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni tàn án. Irinṣẹ́ tí ẹ gbà lọ́fẹ̀ẹ́ lọ́dún 2014 lè ní driver tó wà nínú àkójọ yẹn, kó má sì jẹ́ pé ó ṣe ẹnikẹ́ni níbi. Ìwé tí Windows máa ń gbé jáde ni "A driver cannot load on this device", tó bá jẹ́ Memory integrity, ẹ̀ṣọ́ Windows tó ń yẹ driver wò, ló dá a dúró. Àwọn kan á ní kí ẹ pa Memory integrity. Mo mọ̀ pé ó rọrùn, ó sì tún jẹ́ ohun àkọ́kọ́ tí olè yóò bẹ̀ yín kí ẹ ṣe, bó bá lè sọ̀rọ̀.

Èyí tí kì í ṣí rárá kò ní ọ̀rọ̀ púpọ̀ nínú: Defender, ẹ̀ṣọ́ tó ń mú kòkòrò nínú Windows, ti mọ̀ ọ́n. Yíyí orúkọ fáìlì padà kì í ràn án, nítorí Defender tún ń wo ohun tí ètò ń ṣe, ó sì ní ìlànà kan tó ń dá ẹni tó bá fẹ́ kó nǹkan nínú lsass dúró. Àwọn tó ń lo Linux náà kò bọ́: Ubuntu 10.10 ti dín bí ètò kan ṣe lè ka RAM èkejì kù lọ́dún 2010, Linux 5.4 sì mú lockdown wá lọ́dún 2019, tó jẹ́ pé bí wọ́n bá tàn án, kì í jẹ́ kí root, alábòójútó Linux, pàápàá ka RAM kernel bó ṣe fẹ́. Apple ti ṣe tirẹ̀ lórí Mac pẹ̀lú odi tó ń jẹ́ SIP lọ́dún 2015. Ìtàn kan náà ni níbi gbogbo: wọn kò gbà mọ́ pé alábòójútó àti ẹni tó ní ẹ̀rọ jẹ́ ẹnì kan náà.

Ó kù iṣẹ́ yín gan-an, nítorí òṣìṣẹ́ yóò ṣì gbàgbé ọ̀rọ̀ aṣínà lọ́jọ́ Ajé. Mo fura pé ìdí tí ẹ fi ń wá ọ̀rọ̀ aṣínà dípò kí ẹ yí i padà ni pé ó ti ṣẹlẹ̀ sí yín rí pé ẹ yí i padà, òṣìṣẹ́ sì wá sunkún pé gbogbo ọ̀rọ̀ aṣínà tí Chrome pa mọ́ fún òun ti lọ. Bẹ́ẹ̀ ló rí: lórí àkáǹtì tó wà lórí ẹ̀rọ nìkan, ọ̀rọ̀ aṣínà òṣìṣẹ́ gan-an ni Windows fi ti àpótí àṣírí rẹ̀, bí alábòójútó bá sì fi tipátipá yí i padà, àpótí náà kì í ṣí mọ́. Ohun tó ń yanjú rẹ̀ ni password reset disk tí òṣìṣẹ́ fúnra rẹ̀ ṣe sórí filáàṣì nígbà tó ṣì rántí, tí ẹ fi àpòòwé dí, tí ẹ sì tì mọ́ inú dúrọ́ọ̀ akápò. Bí ẹ bá lè so ẹ̀rọ 40 yẹn mọ́ domain, ìyẹn kí sáfà kan máa darí gbogbo àkáǹtì wọn, yíyí ọ̀rọ̀ aṣínà padà láti orí sáfà kò ní ba àpótí jẹ́, torí domain ní kọ́kọ́rọ́ àfipamọ́ tirẹ̀. Fún àkáǹtì alábòójútó orí ẹ̀rọ kọ̀ọ̀kan, ẹ lo Windows LAPS, tó ti wà nínú Windows fúnra rẹ̀ láti ọpudéètì oṣù kẹrin ọdún 2023: ó ń fún ẹ̀rọ kọ̀ọ̀kan ní ọ̀rọ̀ aṣínà tirẹ̀, ó ń yí i padà lásìkò, ó sì ń kọ ọ́ síbi tí ẹ̀yin nìkan lè kà á. Ẹ ó tún gba gbogbo ẹgbẹ́ náà lọ́wọ́ ohun tó ṣe Maersk, nítorí pé ẹni tó bá jí ti ẹ̀rọ kan kò ní lè fi ṣí ìkejì.

Bí ó bá jẹ́ ìwádìí lẹ ń ṣe, bí àpẹẹrẹ owó sọnù tí ẹ sì fura sí ẹ̀rọ kan, ẹ má pa á, ẹ má tún fi àkáǹtì alábòójútó yín wọlé sórí rẹ̀. Ẹ gba ìwé àṣẹ lọ́wọ́ alága ẹgbẹ́, kí ẹ tó pe ẹni tó ní irinṣẹ́ ìwádìí tí òǹtẹ̀ rẹ̀ wà láàyè, kí ó da RAM sórí díìsìkì ìta, kí ó sì kọ àkókò àti hash fáìlì náà sílẹ̀ níṣojú ẹlẹ́rìí. Òfin Cybercrimes ti Nàìjíríà ti ọdún 2015 kò fi ojú rere wo ẹni tó wọ ẹ̀rọ ẹlẹ́rọ láìgbàṣẹ, ìwé kékeré yẹn ni yóò sì yà yín sọ́tọ̀.

Ohun kan tún wà tí n kò fẹ́ kó sùn. Àwọn ẹ̀rọ yín tó ṣì wà lórí Windows 10 ti pàdánù ọpudéètì ọ̀fẹ́ láti ọjọ́ kẹrìnlá oṣù kẹwàá ọdún 2025, àyàfi tí ẹ bá fi orúkọ wọn sílẹ̀ fún àfikún. Àwọn ni irinṣẹ́ yín yóò ṣì máa ṣiṣẹ́ lórí wọn, ti olè náà yóò sì máa ṣiṣẹ́. Tí ẹ bá ń gbé wọn lọ sórí Windows 11, ẹ̀dà 24H2 a máa fi BitLocker, àgádágodo díìsìkì ti Windows, ti díìsìkì fúnra rẹ̀ lórí ọ̀pọ̀ ẹ̀rọ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fi Windows sí. Ọgbọ́n àtijọ́ tí a fi ń bẹ̀rẹ̀ ẹ̀rọ láti orí filáàṣì kí a lè ka SAM ti parí nìyẹn, ẹ̀rọ náà sì lè ṣàdédé béèrè kọ́kọ́rọ́ oní-nọ́mbà 48 lọ́wọ́ yín lẹ́yìn tí ẹ bá pààrọ̀ nǹkan nínú BIOS. Kí ẹ tó fọwọ́ kan ẹ̀rọ kankan lọ́sẹ̀ yìí, ẹ kọ́kọ́ wá kọ́kọ́rọ́ BitLocker rẹ̀ rí nínú àkáǹtì Microsoft tí wọ́n fi ṣí i tàbí lórí domain yín, kí ẹ kọ ọ́ sínú ìwé ńlá pẹ̀lú nọ́mbà ẹ̀yìn ẹ̀rọ náà.